Ìwà l'Ẹwà: Ọ̀rọ̀ Lórí Sísin Ajá Nítorí Ojú

Nígbà tí àwọn àgbà bá wí pé ìwà l'ẹwà, ènìyàn nìkan kọ́ ni wọ́n ń bá wí. Láti inú ọ̀rọ̀-ìṣe "wà" ni a ti ṣẹ̀dá "ìwà"; ohun tí kò bá lè wà bí ó ti yẹ kí ó wà, ẹwà rẹ̀ kò pé. Òṣùwọ̀n yìí ni mo fẹ́ fi wo ọ̀nà tí ọmọ ènìyàn ń gbà sin ajá.

Ẹ wo àwọn ajá ọdẹ inú àlọ́ wa: Òkémọkéréwú, Ọ̀sọpàkàgbọ́mọmì, Ọ̀gbálẹ̀gbáràwé. Iṣẹ́ ni orúkọ wọn ń sọ: èkíní ń gé, èkejì ń gbé mì, ẹ̀kẹta ń gbálẹ̀. Kò sí èyí tí a fi gígùn irun tàbí kíkúrú imú sọ lórúkọ nínú wọn.

Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, iṣẹ́ ni a kọ́kọ́ fi mọ bulldog pẹ̀lú: wọ́n ń dẹ ẹ́ sí akọ màlúù. Òfin ọdún 1835 fi òpin sí eré ìkà náà, ajá sì di aláìníṣẹ́. Ní 1859 ni wọ́n ṣe ìpàtẹ ajá ní Newcastle. Ní 1873 ni wọ́n dá Kennel Club sílẹ̀. Ojú ni wọ́n wá ń wò. Ìran dé ìran, imú ń kúrú, orí ń tóbi, títí mímí fi di ìṣòro, tí ọ̀pọ̀ abo kò sì lè bímọ láìsí iṣẹ́ abẹ. Ìkà tí a lé kúrò ní ojúde ti wọ inú ara ajá lọ.

Ọ̀rọ̀ yìí kò jìnnà sí wa. Láti Èkó títí dé Àgbádárìgì, a ń rí àwọn tí ń sin Lhasa Apso, ajá onírun gígùn tí ó ti orí òkè tútù Tibet wá, ní etíkun olóoru yìí. Etíkun kan náà ni Freeman àti Townsend gúnlẹ̀ sí ní 1842. Ó ti pẹ́ tí a ti ń gba ohun òkèèrè níbẹ̀. Gbígbà kò burú. Àìyẹ̀wò ni ó burú. Lábẹ́ igi àgbọn, ajá ilé wa, onírun kúkúrú, ẹlẹ́nu gígùn, ń sùn ní ìrọ̀rùn. Síbẹ̀ a ń pè é ní ajá lásán.

Ẹnìkan lè wí pé olówó ni ó ni ajá rẹ̀. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n owó kò ra èémí. Ní 2023, ilé-ẹjọ́ tí ó ga jù lọ ní Norway dájọ́ pé mímú ajá Cavalier bímọ, pẹ̀lú àìsàn tí ó wà nínú ìran rẹ̀, lòdì sí òfin ààbò ẹranko. Kí àwa náà tó mú akọ gun abo, ẹ jẹ́ kí a bèèrè bóyá ọmọ wọn yóò lè mí, kí ó sáré, kí ó sì bímọ fúnra rẹ̀. Bí kò bá lè ṣe é, ohun tí a ń tà kì í ṣe ẹwà.