Obìnrin tó mọ̀ pé èèyàn ni wọ́n

Kò wọ́pọ̀ kí ọmọ Yorùbá lọ iléèwé kó má gbọ́ ìtàn Mọrèmi. Àwọn kan ń wá kó Ilé-Ifẹ̀ lẹ́rù àti lẹ́rú, wọ́n fi ìkó bora láti orí dé ẹsẹ̀, kò sì sí ará Ifẹ̀ tó lè dúró dè wọ́n. Obìnrin arẹwà kan lọ sí etí odò Èsinmìrìn, ó jẹ́ ẹ̀jẹ́, ó sì jẹ́ kí wọ́n kó òun náà lẹ́rú. Ọba àwọn tó kó o fi í ṣe aya. Ó wádìí àṣírí wọn, ó sá padà wálé, wọ́n fi iná pàdé ọ̀tá, Ifẹ̀ sì sinmi. Lẹ́yìn náà ni odò béèrè ẹ̀jẹ́. Kò gba àgbò, kò gba màlúù. Ọmọkùnrin kan ṣoṣo tí Mọrèmi bí ló gbà.

Ta wá ni àwọn tí wọ́n fi iná pàdé? Wọ́n ní orúkọ, wọ́n ní ọba, wọ́n sì ní ìlú títí dòní. Òde Ugbò ni ìlú náà, ní etí omi ilẹ̀ Ìlàjẹ, ní ìpínlẹ̀ Òǹdó, níbi tí Olúgbò ń jọba.

Ohun tí àwọn Ugbò ń sọ nípa ara wọn ni pé àwọn ti wà n'Ífẹ̀ kí Odùduwà tó gbàjọba, pé ìjà oyè àti ilẹ̀ ló lé àwọn jáde, tí aṣáájú wọn, Ọbamákin, fi kó wọn lọ, tí wọ́n sì rìn títí wọ́n fi dé ibi tí ilẹ̀ parí sí omi. Bí wọ́n bá ń sọ ọ́ báyìí, kì í ṣe olè ló ń wọ Ifẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ wọ̀nyẹn. Onílé ni, tó ń padà wá sí ilé tí wọ́n gbà lọ́wọ́ rẹ̀. Adé Ọbáyẹmí wà lára àwọn òpìtàn tó tẹnu mọ́ ọn, láàárín ọdún 1970 sí 1980, pé àwùjọ tó ní ètò ti wà n'Ífẹ̀ ṣáájú Odùduwà. Ẹjọ́ tó wà láàárín ààfin Ifẹ̀ àti ti Ugbò kò tíì parí, àpilẹ̀kọ yìí kò sì ní dá a. Ohun tó ń wò ni obìnrin tó kọjá láti apá kan sí èkejì, tó tún padà.

Ẹni tó kọ ìtàn náà sínú ìwé tí ayé gbogbo ń kà ni Samuel Johnson, àlùfáà Áńgílíkà tó ṣiṣẹ́ ní Ọ̀yọ́. Ó parí ìwé rẹ̀, The History of the Yorubas, ní 1897, ó kú ní 1901, àbúrò rẹ̀ Obadiah ló sì tún un tò kó tó di títẹ̀ ní 1921. Johnson sọ pé nígbà tí ará Ifẹ̀ rí àwọn tó wọ koríko àti ìkó wọ̀nyí, wọn ò gbà pé èèyàn ni wọ́n. Wọ́n rò pé àwọn òrìṣà ló ń fi wọ́n jẹ ìlú níyà, wọ́n ń rúbọ, ẹbọ ò sì dà.

Ibẹ̀ gan-an ni ọ̀rọ̀ wà. Ìlú kan rí aládùúgbò rẹ̀ nínú aṣọ tí kò mọ̀, ó sì sọ ọ́ di abàmì. Mọrèmi wọ ilé wọn, ó jẹun pẹ̀lú wọn, ó sùn níbẹ̀, ó rí wọn nígbà tí wọ́n bọ́ aṣọ. Òun ni ìtàn Ifẹ̀ fi han gẹ́gẹ́ bí ẹni àkọ́kọ́ tó mọ̀ pé èèyàn bíi tiwọn ni àwọn Ugbò. Ìmọ̀ ńlá ni. Ohun tí ìlú rẹ̀ sì fi ìmọ̀ náà ṣe ni pé wọ́n tan ògùṣọ̀. Ìkó gbígbẹ kì í bá iná ṣeré. Kò sí ibì kan nínú ìtàn náà, bí wọ́n ṣe ń kọ́ ọ ní iléèwé, tí ẹnikẹ́ni ti sọ pé níwọ̀n bí wọ́n ti jẹ́ èèyàn, ẹ jẹ́ ká bá wọn sọ̀rọ̀.

Johnson kò lè gbójú kúrò lára ìjọra ìtàn yìí àti Bíbélì. Lójú rẹ̀, ìtàn Jẹ́fútà àti ti Màríà pẹ̀lú Ọmọ rẹ̀ ló dàpọ̀ tó sì dàrú mọ́ra wọn. Bí ọ̀rọ̀ àlùfáà ayé ìgbà náà ni, ó sì bu ìtàn Ifẹ̀ kù, nítorí kò sídìí tí ìtàn kan fi gbọ́dọ̀ jẹ́ àbàjẹ́ òmíràn. Síbẹ̀, ojú rẹ̀ ríran. Jẹ́fútà jẹ́ ẹ̀jẹ́ nítorí ogun, ọmọbìnrin rẹ̀ ló sì san án. Ní 1984, Phyllis Trible, obìnrin ará Amẹ́ríkà tó jẹ́ onímọ̀ Májẹ̀mú Láéláé, gbé ìwé Texts of Terror jáde lórí obìnrin mẹ́rin tí Bíbélì sọ ìyà wọn: Hágárì, Támárì, àlè ọmọ Léfì tí kò lórúkọ, àti ọmọbìnrin Jẹ́fútà, tí òun náà kò lórúkọ. Ó ní kí àwọn olùkàwé dúró ti àwọn òkú wọ̀nyí, kí wọ́n má sáré lọ síbi ìṣẹ́gun. Bí a bá fi ojú yẹn wo Èsinmìrìn, ọmọ ni ojú máa kọ́kọ́ bà. Ọmọbìnrin Jẹ́fútà tiẹ̀ fọhùn, ó bẹ̀bẹ̀ fún oṣù méjì láti sunkún lórí òkè. Ọmọ Mọrèmi, tí wọ́n ń pè ní Ẹ̀là tàbí Olúorogbo, kì í sọ̀rọ̀ nínú ìtàn bí a ṣe sábà ń sọ ọ́.

Ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ ìsìn àwọn obìnrin bíi Trible náà ní ìjà tirẹ̀ nínú. Nígbà tí àwọn obìnrin aláwọ̀ funfun ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé ìyà obìnrin gbogbo dọ́gba, àwọn aláwọ̀ dúdú ní Amẹ́ríkà bi wọ́n léèrè ìdí tí Sárà, tóun náà jẹ́ obìnrin, fi lé Hágárì sí aginjù. Delores Williams, ọ̀kan nínú wọn, gbé ìbéèrè yìí kalẹ̀ nínú Sisters in the Wilderness ní 1993. Hágárì jẹ́ ará Íjíbítì, ó jẹ́ ẹrú, wọ́n fi í bímọ fún ẹlòmíràn, wọ́n sì lé e. Ìran àwọn ọmọ ẹrú ní Amẹ́ríkà ti rí ara wọn nínú rẹ̀ tipẹ́tipẹ́. Kí èèyàn jẹ́ obìnrin nìkan kò tíì tó, ó kù kí a mọ ẹ̀yà tó ti wá, ẹni tó ni í, àti apá odò tó dúró sí.

Nítòsí wa, Mercy Amba Oduyoye, ọmọ Gánà tó fẹ́ ọkọ Yorùbá, kọ́ni ní Yunifásítì Ìbàdàn fún ọ̀pọ̀ ọdún láti 1974. Ó gbé àwọn òwe àti àlọ́ Àkán àti ti Yorùbá yẹ̀ wò nínú Daughters of Anowa, tó jáde ní 1995, láti mọ ohun tí wọ́n ń kọ́ ọmọbìnrin láti kékeré. Ní 1989, àwọn obìnrin láti káàkiri ilẹ̀ Áfíríkà pé jọ sí Legon ní Accra, wọ́n dá ẹgbẹ́ Circle of Concerned African Women Theologians sílẹ̀, Oduyoye sì wà níwájú wọn. Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà, Musa Dube ti Botswana, ka ìtàn Ráhábù láti inú Jẹ́ríkò, kì í ṣe láti ibùdó àwọn tó fẹ́ gba ìlú. Ó rí i pé àwọn tó ń gba ilẹ̀ ló kọ ìtàn náà, àti pé ara obìnrin ni wọ́n sọ di ẹnu ọ̀nà tí wọ́n gbà wọlé.

Bá a bá ka Mọrèmi báyìí láti Òde Ugbò, ìyàwó ọba kan ló dìde lóru tó lọ. Ó mú ohun tó gbọ́ lórí ibùsùn dání. Àwọn orogún rẹ̀ ńkọ́? Àwọn ìyá tí ọmọ wọn wà nínú ìkó tó gbiná ńkọ́? A mọ orúkọ odò, a mọ orúkọ ọmọ tó kú n'Ífẹ̀, a ò mọ orúkọ obìnrin Ugbò kan ṣoṣo nínú gbogbo rẹ̀. Ìyẹn kò sọ Mọrèmi di ènìyàn búburú. Wọ́n ń kó ìlú rẹ̀ lẹ́rù, wọ́n ń kó àwọn èèyàn rẹ̀ lẹ́rú, ó sì fi ara àti ọmọ rẹ̀ san án. Ẹni tó bá fẹ́ràn rẹ̀ dénú gbọ́dọ̀ lè sọ pé apá méjèèjì ló lò ó: ọba kan fi ẹwà rẹ̀ ṣe ìkógun, ìlú kan sì fi ọmọ rẹ̀ ra àlàáfíà.

Òǹkọ̀wé eré, Fẹ́mi Ọ̀ṣọ́fisan, ti fura sí ìtàn yìí ṣáájú. Nínú eré rẹ̀ Morountodun, tó jáde ní ìwé ní 1982, ọmọ olówó kan tó ń jẹ́ Títúbí pinnu láti ṣe bíi Mọrèmi, kí ó wọ àárín àwọn àgbẹ̀ tó ń bá ìjọba jà nígbà ogun Àgbẹ́kọ̀yà, kó sì tú àṣírí wọn. Nígbà tó dé ọ̀dọ̀ wọn tó rí ìyà tó ń jẹ wọ́n, kò lè fi iná pàdé wọn mọ́. Ó dúró tì wọ́n. Ọgbọ́n inú eré yẹn jinlẹ̀: ó jẹ́ kí amí gba ohun tó rí gbọ́.

Ohun kan ṣì ń bí àwọn tó mọ ìtàn yìí nínú. Johnson kọ orúkọ àwọn ọ̀tá Ifẹ̀ bí a ṣe ń kọ orúkọ ẹ̀yà Ìgbò ti ìlà-oòrùn, ọ̀pọ̀ tó kà á sì rò pé àwọn ni. Lójú irú olùkàwé bẹ́ẹ̀, ìjà láàárín ẹbí di ìjà láàárín ẹ̀yà méjì, Òde Ugbò sì pòórá nínú ìtàn ara rẹ̀. Ẹ wo bí ohun tó ń bani lẹ́rù nínú ìtàn náà ṣe tún ṣẹlẹ̀ lẹ́ẹ̀kejì: èèyàn ìtòsí di àjèjì.

N'Ífẹ̀, ọdún Èdì ń mú gbogbo rẹ̀ padà lọ́dọọdún. Àwọn tí wọ́n ń pè ní Olúyàre á jáde nínú koríko àti ìkó, àwọn ará ìlú á fi iná lé wọn. Ní 2016, Ọọ̀ni Adéyẹyè Ògúnwùsì ṣí ère Mọrèmi tó ga ní ẹsẹ̀ bàtà 42 pẹ̀lú ògùṣọ̀ lọ́wọ́, Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ àti ti Èkó sì ti sọ ilé àwọn akẹ́kọ̀ọ́bìnrin ní orúkọ rẹ̀ tipẹ́. Ní ilẹ̀ Ìlàjẹ, igi ògùrọ̀ tí ìkó ti ń wá ṣì ń hù nínú àbàtà, àwọn obìnrin ibẹ̀ sì ṣì ń hun ẹní.