Nígbà tí Ìjọba Kọ Etí Ikún sí Ilé-Ẹjọ́

Àwa tí à ń gba ọ̀nà Sẹmẹ̀ lọ sílé nígbà ìsinmi mọ Gbájí dáadáa. Ibẹ̀ ni àwọn kọ́sítọ̀ọ̀mù ti ń dá ọkọ̀ dúró, kò sì sí ẹni tó jẹ́ sọ fún wọn pé òun kò dúró. Ṣùgbọ́n bí ilé-ẹjọ́ bá ní kí ìjọba dúró ńkọ́? Ẹ jẹ́ ká wo ẹjọ́ méjì ní Ìpínlẹ̀ Èkó wa yìí.

Lọ́dún 1985, Odumegwu Ojukwu àti ìjọba ológun Èkó wà nílé-ẹjọ́ lórí ilé kan ní Queen's Drive, Ìkòyí. Ẹjọ́ kò tíì parí tí wọ́n fi kó ọlọ́pàá wá lé e jáde. Ilé-Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn ní kí wọ́n dá a padà sínú ilé. Wọn kò dá a padà. Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jùlọ ni ìjọba gbà lọ, pé kí wọ́n bá òun dá àṣẹ náà dúró ná. Lọ́dún 1986, àwọn adájọ́, tí Kayode Eso wà lára wọn, kọ̀ jálẹ̀. Wọ́n ní ẹni tó tàpá sí àṣẹ ilé-ẹjọ́ kò lè tún wá tọrọ ojúure lọ́wọ́ ilé-ẹjọ́. Ayé ológun sì nìyẹn o!

Ayé alágbádá ni èkejì. Ní November 7, 2016, Adájọ́ Adeniyi Onigbanjo pàṣẹ pé kí wọ́n má wó ilé àwọn ará etí omi. Láàárín ọjọ́ mẹ́ta, Otodo Gbame ní Lẹ́kí, ibùgbé àwọn apẹja Ègùn, ẹ̀yà kan náà pẹ̀lú àwọn ará Gbájí, ti di eérú àti àwókù. Ìjọba ní iná náà kò tọwọ́ òun wá. Ní April 2017, wọ́n lé àwọn tó kù. Ní June 21, adájọ́ náà dájọ́ pé lílé náà lòdì sí òfin. Ẹ̀pa ò bóró mọ́.

Kí ni òfin wí? Ẹ̀ka 287 nínú ìwé òfin 1999 ní kí gbogbo aláṣẹ mú ìdájọ́ ṣẹ. Fọ́ọ̀mù 48 ni wọ́n fi ń kìlọ̀ fún ẹni tó bá ṣàìgbọràn. Fọ́ọ̀mù 49 ní kó wá sọ ìdí tí wọn kò fi ní sọ ọ́ sẹ́wọ̀n. Àmọ́ Ẹ̀ka 308 kò jẹ́ kí wọ́n mú gómìnà tó wà lórí oyè. Àwọn òṣìṣẹ́ abẹ́ rẹ̀ kò ní irú ààbò bẹ́ẹ̀.

Ohun tí a rí kọ́ ni pé Ojukwu lórúkọ, ó sì lágbẹjọ́rò ńláńlá. Apẹja ní àṣẹ adájọ́ lọ́wọ́, síbẹ̀ orí omi ló sùn. Bí a ṣe bí ẹrú la bí ọmọ. Bí àṣẹ ilé-ẹjọ́ kò bá lè dáàbò bo ilé pákó, a jẹ́ pé ilé alájà náà kò tíì fọkàn balẹ̀.