Bí A Ṣe Ń Fìdí Ìwé Ìhágún Múlẹ̀ ní Kóòtù

Ìwé ìhágún, tí ọ̀pọ̀ ará Èkó ń pè ní wíìlì, ni ẹni tó wà láàyè fi ń sọ bí wọn yóò ṣe pín dúkìá òun lẹ́yìn ikú òun. Bí ẹni náà bá kú, tí ará ilé kan sì yarí pé ìwé náà kì í ṣe tirẹ̀, tàbí pé orí rẹ̀ kò pé nígbà tó ṣe é, ilé ẹjọ́ gíga ni yóò yanjú ọ̀rọ̀ náà.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti ọlọ́rọ̀ ńlá nìkan. Ní Fádèyí, lẹ́bàá títì Ìkòròdú láàárín Jíbówú àti Onípàánù, ilé kan ṣoṣo tí bàbá kọ́ ló sábà máa ń jẹ́ gbogbo ogún. Bí kò bá ṣe ìwé ìhágún, àṣà ló sábà máa ń pín in. Ẹjọ́ ogún Súbérù Dáwódù, ará Èkó tó fi ìyàwó 4 àti ọmọ 9 sílẹ̀, ló là á yé wa. Adájọ́ tó kọ́kọ́ gbọ́ ẹjọ́ náà, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Jíbówú, fẹ́ kí wọ́n pín in ní orí-ò-jorí, kí ọmọ kọ̀ọ̀kan gba ìpín tirẹ̀. Lọ́dún 1958, ilé ẹjọ́ tó ga jù ní Nàìjíríà nígbà náà yí ìdájọ́ yìí padà sí ìdí-igi: apá 4, ìdí ìyá kọ̀ọ̀kan ní ìkọ̀ọ̀kan. Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, tó jẹ́ kóòtù ìkẹyìn nígbà náà, sì fọwọ́ sí i lọ́dún 1962. Baba tí kò bá fẹ́ kí ó rí bẹ́ẹ̀ gbọ́dọ̀ kọ ìfẹ́ rẹ̀ sílẹ̀.

Láti ara òfin ìwé ìhágún ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ọdún 1837 ni ìlànà wa ti ṣẹ̀ wá, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìpínlẹ̀ Èkó ti ní òfin tirẹ̀. Kò pọn dandan kí lọ́yà kọ ìwé náà. Èyí tí wọ́n tẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù kọ̀ǹpútà ní Ṣómólú lè fẹsẹ̀ múlẹ̀. Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń kọsẹ̀ ni ìbuwọ́lù. Ẹlẹ́rìí méjì, ó kéré tán, gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà nígbà tí onídùúkìá bá ń buwọ́ lù ú tàbí tó ń sọ pé òun lòun buwọ́ lù ú, kí àwọn náà tó wá buwọ́ lù ú lójú rẹ̀. Bí ọ̀kan bá ti jáde lọ gba fóònù lójúde ní ìṣẹ́jú yẹn gan-an, ìwé náà lè bàjẹ́ pátápátá. Màmá tí kò mọ̀wé lè fi ìka tẹ̀ ẹ́, àmọ́ wọ́n gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ kà á sí i létí ní èdè tó gbọ́, kí wọ́n sì kọ sínú ìwé náà pé àwọn ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹlẹ́rìí ò gbọdọ̀ jẹ́ ẹni tí wọ́n pín nǹkan fún: ìwé náà kò ní tìtorí rẹ̀ ṣubú, ṣùgbọ́n ìpín ẹlẹ́rìí náà, tàbí ti ọkọ tàbí aya rẹ̀, ti lọ nìyẹn.

Bí kò bá sí àríyànjiyàn, àwọn tí olóògbé yàn láti bójú tó ogún yóò búra ní ẹ̀ka Probate ilé ẹjọ́ gíga, wọn yóò sì gba ìwé àṣẹ. Bí ẹnì kan bá fi ìwé ìdádúró síbẹ̀, ó di ẹjọ́ gidi tí adájọ́ yóò gbọ́ ẹlẹ́rìí lé lórí. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ti Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà ti fi ìlànà rẹ̀ lélẹ̀ nínú ẹjọ́ Johnson àti Maja lọ́dún 1951: ẹni tó gbé ìwé wá ni yóò kọ́kọ́ fi hàn pé ohun gbogbo wà létòlétò, lẹ́yìn èyí ni ẹrù yóò bọ́ sí orí ẹni tó ń ta kò ó. Ní ti làákàyè, ìlànà ẹjọ́ Banks àti Goodfellow ti ọdún 1870 ni àwọn adájọ́ wa ṣì ń tẹ̀ lé: ṣé ẹni náà mọ ohun tó ń ṣe, ṣé ó mọ ohun tó ní, ṣé ó sì rántí àwọn tó yẹ kó rántí? Àìsàn tàbí ọjọ́ ogbó nìkan kò tó láti fi wó ìwé náà. Bí ẹni tó bá olóògbé kọ ìwé náà bá tún gba ìpín ńlá níbẹ̀, adájọ́ yóò tú u wò fínnífínní. Ẹni tó bá sọ pé ayédèrú ni ìwé náà ń fẹ̀sùn ọ̀daràn kanni, ó sì gbọ́dọ̀ fi ẹ̀rí gbè é dé ibi tí kò ti sí iyèméjì.

Ohun tó ń dùn mí ni pé ọ̀pọ̀ ọmọ olóògbé ń náwó ẹjọ́ títí tọwọ́ wọn á fi ṣófo, kìkì nítorí pé bàbá fi ẹnì kan ṣe ààyò. Ìyẹn nìkan kò tó láti ba ìwé ìhágún jẹ́. Ọ̀nà mìíràn wà tí kò le tó bẹ́ẹ̀: òfin Èkó gba aya, ọkọ tàbí ọmọ tí wọn kò pèsè fún láàyè láti bẹ kóòtù pé kí ó bu nǹkan fún òun, láàárín oṣù 6 tí ìwé àṣẹ bá ti jáde.

Ohun kan wà tí ìwé ìhágún kò lè gbé fúnni: ilé ẹbí. Àṣà Benin náà ní irú ilé mìíràn: Ilé Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ ní Nàìjíríà sọ lọ́dún 1991, nínú ẹjọ́ Idehen, pé ilé tí baba gbé tó sì kú sí, tí wọ́n ń pè ní igiogbe, ti àkọ́bí ọkùnrin ni, ohun yòówù kí baba kọ.

Ìwé pàápàá lè sọnù. Ní oṣù Ọ̀wàrà ọdún 2020, wọ́n dáná sun ilé ẹjọ́ gíga tó wà ní Igbósẹ̀rẹ̀ ní Èkó, fáìlì púpọ̀ sì jóná. Ìwé ìhágún tó bá ti sọnù kò tíì kú tán. Nínú ẹjọ́ Lord St Leonards ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lọ́dún 1876, ohun tí ọmọbìnrin olóògbé rántí láti orí ni kóòtù gbà. Ẹ̀dà lè ṣiṣẹ́ bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú, àyàfi tó bá jẹ́ pé ọwọ́ olóògbé fúnra rẹ̀ ni ojúlówó wà gbẹ̀yìn; nígbà náà, òfin yóò gbà pé òun ló fà á ya, títí ẹni tó mú ẹ̀dà wá yóò fi fi ẹ̀rí hàn pé kò rí bẹ́ẹ̀.