Orúkọ Ìdílé ní Ìlú Houston

Ilé là ń wò kí á tó sọmọ lórúkọ. Bẹ́ẹ̀ ni àwọn baba wa wí, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n sì ń ṣe láti ìgbà ìwáṣẹ̀, tó bẹ́ẹ̀ tí ẹni tí ó bá gbọ́ Àyángbèmí kò ní ṣẹ̀ṣẹ̀ máa bèèrè kí ó tó mọ̀ pé ilé onílù ni wọ́n ti bí ọmọ náà, tí ẹni tí ó bá sì gbọ́ Málọmọ́ ti mọ irú ẹkún tí ìyá ti sun kí ọmọ tó dúró tì í. Ṣùgbọ́n orúkọ ìdílé, èyí tí bàbá, ìyàwó, ọmọ àti ọmọ ọmọ jọ ń jẹ́ láti ìran dé ìran, kò bá àṣà yìí wá. Ìwé ni ó bí i, kò sì sí ibi tí èyí ti hàn sí mi kedere tó ìlú Houston ní ìpínlẹ̀ Texas, níbi tí àwọn ọmọ Yorùbá ti fìdí kalẹ̀ lọ súà.

Orúkọ ìlú náà gan-an kò ṣàìní ìtàn nínú. Ní ọdún 1836, oṣù díẹ̀ lẹ́yìn tí Ọ̀gágun Sam Houston ṣẹ́gun àwọn ọmọ ogun Mexico ní San Jacinto, tẹ̀gbọ́n-tàbúrò kan tí wọ́n ti New York wá, Augustus àti John Allen, ra ilẹ̀ lẹ́bàá odò Buffalo Bayou, wọ́n sì fi orúkọ jagunjagun náà pe ìlú tí wọ́n fẹ́ tẹ̀ síbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, orúkọ ìlú ni Houston tẹ́lẹ̀ rí kí ó tó di orúkọ ènìyàn. Ní ilẹ̀ Scotland, ó lé ní 800 ọdún sẹ́yìn, ọkùnrin kan tí ń jẹ́ Hugh gba ilẹ̀, àwọn ènìyàn ń pe ibẹ̀ ní ìlú Hugh, àwọn àrọ́mọdọ́mọ rẹ̀ sì fi orúkọ ìlú náà ṣe ti ìdílé wọn, títí ó fi rìn dé Amẹ́ríkà. Sam Houston fúnra rẹ̀ tún ní orúkọ mìíràn: nígbà èwe rẹ̀ ó sá kúrò nílé lọ bá àwọn Cherokee gbé, olóyè wọn kan, Oolooteka, sọ ọ́ di ọmọ, ó sì fi orúkọ ẹyẹ ìwò pè é. Èyí ni orúkọ tí àwọn àgbà wa ì bá kà sí orúkọ, nítorí pé ẹni tí ó fún un mọ ìdí tí òun fi fún un. Ṣùgbọ́n òun kọ́ ni ìlú ń jẹ́.

Ọ̀rọ̀ àwọn ènìyàn dúdú ibẹ̀ ni ó máa ń gún mi lọ́kàn jù. Nígbà tí ìjọba Amẹ́ríkà ka àwọn ẹrú ní ọdún 1850 àti 1860, orúkọ olówó wọn ni wọ́n kọ. Lábẹ́ rẹ̀ ni wọ́n to ẹrú sí lọ́kọ̀ọ̀kan: ọjọ́ orí, akọ tàbí abo, àwọ̀ ara. Orúkọ tí ìyá ń fi pe ọmọ rẹ̀ nígbà tí ó bá ń rẹ̀ ẹ́ lẹ́kún kò sí níbẹ̀. Ní 19 oṣù kẹfà 1865, Ọ̀gágun Gordon Granger kéde ní Galveston pé àwọn ẹrú Texas ti di òmìnira, ìkànìyàn 1870 ni ó sì kọ́kọ́ kọ gbogbo wọn sílẹ̀ lórúkọ. Ẹni tí ó fẹ́ gba owó iṣẹ́ lábẹ́ àdéhùn, tí ó fẹ́ ṣe ìgbéyàwó tí òfin mọ̀, tí ó fẹ́ ra ilẹ̀, kò lè jẹ́ Jack lásán mọ́. Àwọn kan mú orúkọ olówó wọn, kì í sì í fìgbà gbogbo ṣe nítorí ìfẹ́, bí kò ṣe pé orúkọ náà ni ìyá tàbí ẹ̀gbọ́n tí a ti tà sí ọ̀nà jíjìn lè fi wá wọn rí. Àwọn mìíràn kò mú un rárá: Richard Allen, káfíńtà tí ó mọ afárá kọ́, tí ó wà lára àwọn ènìyàn dúdú àkọ́kọ́ tí wọ́n wọ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Texas, ẹrú ọ̀gbẹ́ni kan tí ń jẹ́ Cain ni, kò jẹ́ Cain.

Ẹ jẹ́ kí á dúró díẹ̀ lọ́dọ̀ Jack Yates. Virginia ni a ti bí i ní 1828. Ó ti gba òmìnira, ṣùgbọ́n Harriet aya rẹ̀ àti àwọn ọmọ wọn ṣì wà lóko ẹrú lọ́dọ̀ ẹlòmíràn, nígbà tí olówó wọn sì ń kó wọn lọ sí Texas láàrin ogun abẹ́lé, ọkùnrin yìí bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n jẹ́ kí òun padà di ẹrú kí òun lè bá wọn lọ. Lẹ́yìn ìkéde òmìnira ó dé Houston, ó ń fi kẹ̀kẹ́ tí ẹran ń fà kó ẹrù fún àwọn ènìyàn lọ́sàn-án, ó ń wàásù lálẹ́, ó sì di àlùfáà àkọ́kọ́ ìjọ Antioch ní 1868. Ní 1872 òun àti Richard Allen, Richard Brock àti Elias Dibble ṣáájú àwọn ènìyàn wọn, wọ́n dá owó jọ, wọ́n ra éékà ilẹ̀ 10 fún àjọ̀dún òmìnira, èyí tí a ń pè ní Emancipation Park títí di òní. Àwọn tí òfin kà mọ́ dúkìá ní ọdún méje ṣáájú wá di onílẹ̀. Ilé Yates ti kúrò níbi tí ó kọ́ ọ sí báyìí. Inú ọgbà Sam Houston ni wọ́n gbé e lọ, tí orúkọ méjèèjì fi jọ ń gbé ojú kan náà.

Àwa náà, ẹ̀yin ènìyàn mi, a kò bá orúkọ ìdílé láyé. Ní oṣù Kejìlá 1825, ní Sàró, wọ́n ri Àjàyí ọmọ Òṣogùn bọmi, ó di Samuel Crowther, orúkọ àlùfáà Gẹ̀ẹ́sì kan, gbogbo ọmọ rẹ̀ sì di Crowther. Nígbà tí ó yá, àwọn ọ̀mọ̀wé kan kò gba irú èyí mọ́: David Brown Vincent di Mojọlá Agbébí ní 1894, William James Davies, tí àwọn òbí Yorùbá bí sí Guyana, sì ti di Orishatukeh Faduma ní 1887. Faduma yìí wà nínú ẹgbẹ́ Olóyè Alfred Sam, tí ọkọ̀ wọn ṣí ní Galveston, nítòsí Houston, ní oṣù kẹjọ 1914, tí ó ń kó àwọn ènìyàn dúdú padà sí Áfríkà. Ẹni tí ó ti fi orúkọ padà sílé ṣáájú wá ń bá àwọn tí wọ́n ń fi ẹsẹ̀ padà lọ. Ṣùgbọ́n fún àwa yòókù, ilé ìwé ni: olùkọ́ bèèrè orúkọ bàbá, ọmọ dáhùn, ó di súnẹ́ẹ̀mù. Ìdí nìyí tí ọmọ bàbá kan náà fi lè máa jẹ́ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, tí ọ̀kan ń jẹ́ orúkọ bàbá, tí èkejì ń jẹ́ ti bàbá àgbà, tí ẹ̀kẹta ń jẹ́ oríkì. Kò kan àwa nìkan. Ìjọba Japan pa á láṣẹ fún gbogbo ará ìlú ní 1875, ti Turkey ní 1934, nígbà tí àwọn ará Iceland ṣì ń jẹ́ ọmọ lágbájá títí di òní.

Nílé ìwòsàn ní Houston lónìí, kí ìyá ọmọ tó kúrò lórí ibùsùn ni wọ́n ti ń gbé fọ́ọ̀mù ìwé ìbí tọ̀ ọ́ wá. Ọmọ kò tíì ju ọmọ ọjọ́ méjì lọ. Oyin, iyọ̀, obì, orógbó àti ataare ṣì wà lọ́jà. Bàbá àgbà ní Ìbàdàn kò tíì wí tirẹ̀ lórí fóònù. Lórí fọ́ọ̀mù náà, àyè orúkọ ọmọ, àyè ti àárín, àyè súnẹ́ẹ̀mù: níbo ni Àbẹ̀kẹ́ yóò wọ̀? Súnẹ́ẹ̀mù tí ó sì wọlé náà, ìtàn ẹnìkan ṣoṣo ni. Abíọ́nà ni bàbá ńlá, nítorí pé ojú ọ̀nà oko ni ìyá rẹ̀ bí i sí. Ọmọ ọmọ rẹ̀ tí a bí nínú yàrá amúlétutù ní Houston ń jẹ́ Abíọ́nà, bóyá kò sì sí ẹni tí ó sọ fún un pé ẹnìkan rọbí lójú ọ̀nà rí kí orúkọ yẹn tó wà. Èmi gbà pé kí ẹni tí ó dàgbà jù níbi ìkómọ kọ́kọ́ pìtàn súnẹ́ẹ̀mù ilé náà, kí ó wí ẹni tí ó kọ́kọ́ jẹ́ ẹ, ìlú tí ó ti wá àti ohun tí ojú ìyá rẹ̀ rí, kí wọ́n tó fi oyin kan ọmọ lẹ́nu, kí wọ́n sì kọ ọ́ sínú ìwé kan náà tí wọ́n kọ gbogbo orúkọ ọjọ́ náà sí, pẹ̀lú orúkọ ẹni tí ó sọ ọ̀kọ̀ọ̀kan.