Ẹ̀dà Mẹ́wàá Lórí Tábìlì Akọ̀wé

Ní oṣù kẹfà ọdún 1947, ní Los Angeles, ọ̀dọ́bìnrin kan tó ń jẹ́ Edith Eyde bẹ̀rẹ̀ ìwé ìròyìn kan tó sọ ní Vice Versa. Ìwé ìròyìn náà ni àkọ́kọ́ tí a mọ̀ ní Amẹ́ríkà tó jẹ́ ti àwọn obìnrin tí ọkàn wọn ń fà sí obìnrin. Ohun tí Edith fúnra rẹ̀ ròyìn nígbà àgbà rẹ̀ ni mo tò sórí aago ọjọ́ iṣẹ́ kan níbí.

Aago mẹ́sàn-án àárọ̀. Ó dé ọ́fíìsì ní RKO, ilé-iṣẹ́ sinimá, níbi tó ti ń ṣe akọ̀wé. Iṣẹ́ kò pọ̀. Ọ̀gá rẹ̀ ò sì bìkítà nípa ohun tó bá ń ṣe, kó ṣáà ti jọ pé ọwọ́ rẹ̀ dí.

Aago mẹ́wàá ààbọ̀. Lẹ́tà ọ̀gá ti tán. Ó to bébà àti kábọ̀n léra, ó yí wọn wọ inú taipúráítà. Ẹ̀dà márùn-ún ló ń jáde lẹ́ẹ̀kan; á tún ojú ewé kan náà tẹ̀ láti òkè dé ìsàlẹ̀ kó tó pé mẹ́wàá. Ẹni tó bá ti fi kábọ̀n tẹ̀wé rí mọ bó ṣe ń rí. Ìka gbọ́dọ̀ le, torí bébà ìsàlẹ̀ pátápátá kì í hàn dáadáa, bẹ́ẹ̀ ni àṣìtẹ̀ ẹyọ kan, márààrún ló ń bà jẹ́. Òun fúnra rẹ̀ ló ń kọ ewì, tó ń ṣàyẹ̀wò ìwé àti sinimá. Kò sí orúkọ rẹ̀ níbẹ̀, kò sí àdírẹ́sì.

Aago méjìlá. Oúnjẹ ọ̀sán, lẹ́yìn náà taipúráítà.

Aago márùn-ún ìrọ̀lẹ́. Kò ní yà sí ilé ìfìwéránṣẹ́. Ó ti fi díẹ̀ ránṣẹ́ rí, láìfura, kí ọ̀rẹ́ kan tó pè é lórí fóònù pé kó jáwọ́ kíá. Láti ọdún 1873 ni òfin Comstock ti ka fífi ohun ìṣekúṣe ránṣẹ́ sí ẹ̀ṣẹ̀, àwọn aláṣẹ sì lè ka irú ìwé yìí mọ́ ọn. Ẹ̀wọ̀n ni.

Aago mẹ́jọ alẹ́. If Club, níbi tí obìnrin ti ń bá obìnrin jó. Ọwọ́ sí ọwọ́ ló ń pín Vice Versa, kò gba kọ́bọ̀. Ẹni tó bá kà á tán, kó fún obìnrin mìíràn, kó má jù ú nù. Àwọn kan ń sọ pé ìwé oní-ẹ̀dà mẹ́wàá kì í ṣe ìwé ìròyìn. N kò gbà. Ẹ wo The Ladder, ìwé ìròyìn irú rẹ̀ tó jáde ní San Francisco ní 1956: ẹ̀dà 175 péré ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀, ó sì lò ju ọdún mẹ́wàá lọ. Èèyàn tó rò pé òun nìkan ló wà láyé, ẹ̀dà kan ṣoṣo tó o.

Ẹ̀ẹ̀mẹsàn-án ni Vice Versa jáde. Nígbà tó yá, ó kúrò ní RKO. Ibi iṣẹ́ tuntun tí Edith lọ kò fún un láyè láti dá wà, ìwé náà sì dúró ní oṣù kejì ọdún 1948.

Ó ti kọ ọ́ sínú Vice Versa pé ó ṣeé ṣe kí irú ìwé bẹ́ẹ̀ wà lórí àtẹ lọ́jọ́ kan pẹ̀lú ìyókù. Ní 1953, ìwé ìròyìn ONE, ti àwọn tí ọkàn wọn ń fà sí irú ara wọn, bẹ̀rẹ̀ ní Los Angeles kan náà. Ilé ìfìwéránṣẹ́ gbẹ́sẹ̀ lé ẹ̀dà oṣù kẹwàá ọdún 1954, ONE gbé ẹjọ́ náà dé Ilé-Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ, ilé-ẹjọ́ náà sì dá ONE láre ní ọjọ́ 13 oṣù kìíní ọdún 1958. Kò tíì pé ọdún mẹ́wàá tí Vice Versa kásẹ̀ nílẹ̀.