Alfred Hitchcock: Ayàwòrán Tó Di Olùdarí Sinimá

Orí bébà ni Alfred Hitchcock ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ sinimá. Oníṣòwò ewébẹ̀ ni baba rẹ̀ ní Leytonstone, lẹ́bàá Lọ́ńdọ̀nù, níbi tí wọ́n ti bí i ní 1899. Nígbà tí baba kú ní 1914, ọmọ gba iṣẹ́ ní Henley, ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe wáyà. Nígbà tó yá, wọ́n gbé e sí ẹ̀ka ìpolówó ọjà kó máa yàwòrán. Lálẹ́, ó ń lọ kọ́ iṣẹ́ ọnà.

Sinimá kò tíì ní ohùn nígbà náà; orí káàdì ni wọ́n ń kọ ọ̀rọ̀ òṣèré sí kí òǹwòran lè kà á. Nígbà tí Famous Players-Lasky, ilé-iṣẹ́ sinimá ti Amẹ́ríkà, ṣí sitúdíò ní Islington ní Lọ́ńdọ̀nù, Hitchcock kó àwòrán irú káàdì bẹ́ẹ̀ lọ bá wọn, wọ́n sì gbà á. Kò pẹ́ tí àwọn ará Amẹ́ríkà fi kógbá sílé, àmọ́ òun kò kúrò níbẹ̀. Nínú fíìmù Woman to Woman (1923), òun ló ya bí ilé inú eré yóò ṣe rí, òun náà ni igbákejì olùdarí, ó tún wà lára àwọn tó kọ ìtàn. Alma Reville tó gé fíìmù náà tó sì tò ó pọ̀ ni ó fẹ́ ní 1926.

Jámánì ló ti rí ẹ̀kọ́ tó ta yọ. Ní 1924, ó bá iṣẹ́ lọ sí sitúdíò Babelsberg, ó sì bá olùdarí F. W. Murnau níbẹ̀, tó ń ṣe fíìmù Der letzte Mann. Ó rí i pé wọ́n ń kọ́ ohun tó yẹ kó jìnnà ní kékeré, kí ojú lè rò pé ó jìnnà lóòótọ́. Ohun tí kámẹ́rà bá rí nìkan ló já mọ́ nǹkan.

Ẹ̀kọ́ yìí hàn nínú The Lodger (1927). Báwo ni sinimá tí kò ní ohùn ṣe lè jẹ́ ká mọ̀ pé ayálégbé ń rìn síwá sẹ́yìn lókè àjà? Hitchcock fi gíláàsì tó nípọn ṣe ilẹ̀ yàrá, ó sì ya ẹsẹ̀ ọkùnrin náà láti ìsàlẹ̀. Kò fi ẹ̀kọ́ náà sílẹ̀ lẹ́yìn náà: fún Rear Window (1954), odindi agboolé pẹ̀lú ilé àwọn aládùúgbò ni wọ́n kọ́ sínú sitúdíò Paramount. Nígbà tí wọn kò gbà kó ya ìjà lórí òkè Rushmore fún North by Northwest (1959), ó ní kí wọ́n kọ́ òkè náà sí sitúdíò.

Ó máa ń sọ pé fíìmù òun ti parí lórí bébà kí kámẹ́rà tó dé. Àsọdùn díẹ̀ wà níbẹ̀, nítorí ó ń yí nǹkan padà lójú iṣẹ́. Ó kú ní 1980. Ẹ̀ẹ̀marùn-ún ni wọ́n yàn án mọ́ àwọn tó ń du Oscar olùdarí. Kò gbà á rí.