Bunad: Aṣọ tí wọ́n rán bí wọ́n ti ń kọ gírámà

Ọ̀rọ̀ kan ló fà mí dé ìdí iṣẹ́ àwọn aránṣọ ilẹ̀ Nọ́wè: bunad. Búnaðr ni nínú èdè Norse àtijọ́, ó sì jẹ mọ́ ìmúra. Aṣọ tí àwọn ará abúlé jogún lára ìyá wọn ni wọ́n ń pè ní folkedrakt. Bunad ni aṣọ tí wọ́n ṣà jọ, tí wọ́n tún rán.

Ní 1903, nígbà tí Nọ́wè àti Súwídìn ṣì wà lábẹ́ ọba kan, Hulda Garborg tẹ ìwé pélébé kan jáde, Norsk klædebunad. Arne ọkọ rẹ̀ ń kọ̀wé ní landsmål, èdè ìkọ̀wé tí Ivar Aasen fi àwọn ẹ̀ka-èdè abúlé gbé kalẹ̀. Gírámà rẹ̀ jáde ní 1848, ìwé atúmọ̀ èdè ní 1850. Lójú tèmi, iṣẹ́ kan náà ni tọkọtaya yìí ń ṣe.

Iṣẹ́ abẹ́rẹ́ ọ̀hún kò gba ìkánjú. Ní Hardanger, wọ́n á kọ́kọ́ ka fọ́nrán aṣọ funfun, wọ́n á fi òwú di etí ibi tí wọ́n fẹ́ gé kí ó má baà tú, lẹ́yìn náà ni wọ́n á gé àwọn fọ́nrán kan, wọ́n á fà wọ́n yọ, wọ́n á sì yí òwú mọ́ àwọn tó ṣẹ́kù títí aṣọ yóò fi dà bí àwọ̀n. Èyí ni obìnrin ń so mọ́ iwájú yẹ̀rì. Alágbẹ̀dẹ fàdákà ló ń ṣe sølje tí wọ́n fi ń de ọrùn ẹ̀wù.

Ti Nordland yàtọ̀. Láàárín ọdún 1920 sí 1930, àjákù aṣọ àtijọ́ láti Vefsn ni wọ́n wò tí wọ́n fi ṣe bunad fún gbogbo agbègbè náà. Ẹni tó ti fi ọ̀rọ̀ díẹ̀ tún èdè àtijọ́ tò rí á mọ irú iṣẹ́ yìí, àti ewu inú rẹ̀.

Klara Semb ń fẹ́ kí bunad sún mọ́ aṣọ àtijọ́ gan-an. Ní 1947, ìjọba gbé ìgbìmọ̀ kan kalẹ̀ láti máa gbani nímọ̀ràn lórí ọ̀rọ̀ yìí. Àwọn ènìyàn tilẹ̀ ní orúkọ fún ẹni tó bá ń ṣọ́ bàtà àti yẹtí oníbunad: bunadspoliti, ọlọ́pàá bunad. Bẹ́ẹ̀, ní Setesdal, àwọn àgbà kan ṣì ń wọ aṣọ ìran wọn lójoojúmọ́ ní ọ̀rúndún ogún, ìran kọ̀ọ̀kan sì ti fi tirẹ̀ kún un láìsí ẹni tó pè é ní àṣìṣe. Mo máa ń rántí ọlọ́pàá yẹn nígbà tí ẹnì kan bá sọ fún akẹ́kọ̀ọ́ láti Sábẹ̀ẹ́ tàbí Kétu pé ohun tó ń sọ kì í ṣe Yorùbá gidi.

Rírán bunad àti wíwọ̀ rẹ̀ ni UNESCO kọ sínú àkójọ rẹ̀ ní 2024. Gẹ̀lẹ̀dẹ́ tiwa ti wà níbẹ̀ láti 2008.